Ọkọ̀ Tó Ń Kúnlẹ̀ fún Aníwúrà

Láti Àyèká títí dé Òkìtìpupa, kò sí awakọ̀ akẹ́rù tí kò mọ Lérè mẹkáníìkì. Ọdún kejìdínlógún rèé tí ó ti ń dùbúlẹ̀ sábẹ́ ọkọ̀ àwọn tó ń kó epo pupa láti Akotogbo àti ti àwọn tó ń ru gẹdú jáde nínú igbó. Bí sípíríǹgì ọkọ̀ bá ṣẹ́ lójú ọ̀nà, ohun tí wọ́n máa ń sọ ni pé, "Ẹ rọra wọ́ ọ dé ọ̀dọ̀ Lérè." Lójú tirẹ̀, ohun tó ń gbé ọkọ̀ dúró kò ní àṣírí kankan nínú: irin pẹlẹbẹ ni, a tò ó lérí ara wọn, a fi bóòtù dè é mọ́ abẹ́ ọkọ̀. Bó bá ṣẹ́, a pààrọ̀ rẹ̀. Bó bá rọ̀, a fi ẹyọ kan kún un. Ó parí.

Ìdí nìyí tí kò fi yára lọ wo ọkọ̀ tí Adébọ̀wálé gbé dé láti Kutọnu. Ọdún tó ṣáájú èyí tí wọ́n ní kí gbogbo ọkọ̀ ilẹ̀ wa bọ́ sí ọwọ́ ọ̀tún ni. Ọmọ Àyèká ni Adébọ̀wálé, ó ti fi ogún ọdún ṣe káfíńtà ní Kutọnu kó tó padà sílé pẹ̀lú Rose ìyàwó rẹ̀, ọmọ Àjàṣẹ́ lẹ́gbẹ̀ẹ́ Kutọnu. Ọkọ̀ Faransé ni wọ́n gbé wá. Ó gùn, ó rẹlẹ̀, imú rẹ̀ ṣe ṣóńṣó bí imú ẹja, ọwọ́ òsì ni wọ́n sì ti ń wà á. Àwọn ènìyàn ní ọkọ̀ náà a máa kúnlẹ̀. Lérè gbọ́, ó rẹ́rìn-ín. Ó ní ẹnu àwọn ará ìlú òun kì í jẹ́ kí ọ̀rọ̀ mọ níwọ̀n tó yẹ ẹ́.

Ọjọ́ Ìsinmi kan ló fi ojú ara rẹ̀ rí i. Ó ń bọ̀ láti ṣọ́ọ̀ṣì, ó dé iwájú ilé Adébọ̀wálé, ó sì rí Aníwúrà, ìyá Adébọ̀wálé, tó dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọkọ̀ náà nínú aṣọ funfun ìjọ Àdúrà rẹ̀, tó fara ti ọ̀pá. Gbogbo ìlú ló mọ ohun tó ṣe ìyá yìí. Ọdún mẹ́jọ sẹ́yìn, ibi tí ó ti ń gun ọkọ̀ akẹ́rù ní gáréèjì Òkìtìpupa, ẹsẹ̀ rẹ̀ yọ̀, ó ṣubú, egungun ìbàdí rẹ̀ sì ṣẹ́. Egungun náà jinná, àmọ́ ìyá kò tún lè gbé ẹsẹ̀ kúrò nílẹ̀ dáadáa mọ́. Láti ọjọ́ náà kò wọ ọkọ̀ kankan, àfi èyí.

Láti ìjókòó awakọ̀, Adébọ̀wálé na ọwọ́ sí irin kékeré kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹsẹ̀ rẹ̀. Ọkọ̀ náà mí fìn-ín. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í lọ sílẹ̀ díẹ̀díẹ̀, títí ikùn rẹ̀ fi fẹ́rẹ̀ẹ́ kanlẹ̀. Aníwúrà kọ ẹ̀yìn sí i, ó jókòó bí ẹni tó jókòó sórí àpótí nídìí ààrò, ó wá fa ẹsẹ̀ wọlé. Ọmọ rẹ̀ dá irin náà padà. Ìdí ọkọ̀ ló kọ́kọ́ gbéra, bíi màlúù tó ń dìde, lẹ́yìn náà ni orí tẹ̀ lé e. Wọ́n bá tiwọn lọ.

Lérè dúró pẹ̀lú Bíbélì lọ́wọ́. Eruku ti sinmi tán lójú ọ̀nà kó tó rántí pé ilé ni òun ń lọ.

Láti ọjọ́ yẹn, ọkàn rẹ̀ kò kúrò lára ọkọ̀ náà. Bó bá ń tú táyà, yóò dúró, yóò tẹjú mọ́ ilẹ̀. Ó wù ú kó lọ bẹ Adébọ̀wálé pé kó jẹ́ kí òun wo abẹ́ rẹ̀, àmọ́ ìtìjú kò jẹ́ kó lọ. Ẹni tí wọ́n ń pè ní ọ̀gá láti ọjọ́ pípẹ́ wá, báwo ni yóò ṣe dé iwájú ilé ẹlòmíràn kó ní òun kò mọ ohun tó ń gbé ọkọ̀ dúró?

Ìgbà tí Lẹ́ńtì fẹ́rẹ̀ẹ́ dé àárín ni Adébọ̀wálé fúnra rẹ̀ fi ẹsẹ̀ rìn wá sí ibi iṣẹ́ rẹ̀.

"Lérè," ó ní, "ọkọ̀ mi gbé ìdí sókè, kò sì gbé e wálẹ̀ mọ́."

"Láti ìgbà wo, ẹ̀gbọ́n?"

"Ó di ọjọ́ mẹ́ta. Bí mo bá pa á, á rọra rọlẹ̀ lóru. Kí n ṣáná sí i báyìí, ìdí á tún yọ sókè, á wá gan bí pákó. Mo gbé Ìyá dé iwájú ilé ìwé lánàá. Gbogbo ihò ọ̀nà ló gbá a ní ìbàdí. Nígbà tí a dé, n kò rí bí mo ṣe lè sọ̀ ọ́ kalẹ̀, àfi ìgbà tí mo gbé e pọ̀n." Ó nu ojú. "Mo sì ti ṣèlérí fún un pé bó bá di Àjíǹde, màá gbé e lọ sí Akotogbo lọ rí Dora àbúrò rẹ̀. Ọdún mẹ́jọ ni wọn ò ti fojú kan ara wọn."

Lérè fi aṣọ nu ọwọ́ fún ìgbà pípẹ́. "Ẹ̀gbọ́n, n kò mọ ọkọ̀ yìí o."

"Mo mọ̀ pé o ò mọ̀ ọ́n. Ta ló mọ̀ ọ́n níbí? Ìwọ ni èmi mọ̀."

Ọ̀rọ̀ yìí ni Lérè gbé kọ́rùn lọ sílé Adébọ̀wálé ní àárọ̀ ọjọ́ kejì. Kò mú sípánà jáde. Ó kọ́kọ́ dùbúlẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọkọ̀, ó yọjú wo abẹ́ rẹ̀, ó ń wá sípíríǹgì. Kò rí i. Ó yí lọ sí òdìkejì, kò rí i níbẹ̀ náà. Ohun tó rí ni irin roboto kan nídìí táyà kọ̀ọ̀kan, tó tó odidi àgbọn, àti ọ̀pá òróró tẹ́ẹ́rẹ́ tẹ́ẹ́rẹ́ tó ń ti ara ọ̀kan lọ sára èkejì.

"Kí ló wá ń gbé e dúró?" ó béèrè láti abẹ́ ọkọ̀.

"Òróró ni," Adébọ̀wálé dáhùn. "Òróró àti afẹ́fẹ́. Báyìí ni wọ́n sọ fún mi ní Kutọnu."

Lérè ń wo àgbọn irin tó wà lókè ojú rẹ̀, ẹnu sì yà á. Odindi ọkọ̀, ènìyàn márùn-ún nínú rẹ̀, ẹrù nínú búùtù rẹ̀, orí òróró ló jókòó lé.

Ó jáde, ó ní kí wọ́n ṣáná sí i. Iwájú gbéra, ó dé ibi tó yẹ, ó dúró. Ẹ̀yìn gbéra, ó kọjá ibi tó yẹ, ó sì ń lọ títí kò fi ríbi lọ mọ́. Lérè ní kí Adébọ̀wálé àti Rose wọ iwájú lẹ́ẹ̀kan náà. Imú ọkọ̀ tẹ̀ sílẹ̀. Lérè ń kà á sínú: ení, èjì, ẹ̀ta. Nígbà tó dé ẹ̀fà, imú náà gbéra fúnra rẹ̀, ó padà sí ibi tó wà tẹ́lẹ̀ gẹ́lẹ́. Ó ní kí wọ́n sọ̀ kalẹ̀. Imú náà yọ sókè, ó dúró bí ẹni tó ń rò ó, ó wá rọra padà. Wọ́n gbé àpò gàrí méjì sínú búùtù. Ẹ̀yìn kò mira.

Aníwúrà ti jókòó sí ọ̀dẹ̀dẹ̀ láti àárọ̀, ó ń wò wọ́n. "Lérè, kí lo rí?"

"Màmá, pọ́ǹpù kan ṣoṣo ló ń fún iwájú àti ẹ̀yìn ní òróró. Bí iwájú bá ń jẹ, tó ń yó, a jẹ́ pé oúnjẹ wà. Ẹ̀yìn pàápàá ń jẹ, torí ó ń gbéra. Ẹni tó yẹ kó sọ fún un pé ó tó ni kò sọ ọ́."

"Ta wá ni ẹni náà?"

"Òun ni mo ń wá."

Ó to ìtì igi sábẹ́ ọkọ̀ kó tó tún wọlé, nítorí ọ̀gá tó kọ́ ọ níṣẹ́ ti sọ fún un láti ọjọ́ àkọ́kọ́ pé igi ló ń dá ẹ̀mí mẹkáníìkì sí, kì í ṣe jáàkì. Ó wá ń fi ìka tọ ọ̀pá òróró ti iwájú, ó ń tọ̀ ọ́ lọ, títí ó fi kan àpótí irin kékeré kan tí kò tóbi ju ìkúùkù lọ. Apá kan yọ lára àpótí náà, okùn irin líle kan sì so apá yìí mọ́ ọ̀pá ńlá tó dábùú láàárín táyà méjèèjì. Lérè tẹjú mọ́ ọn títí. Bí ọkọ̀ bá rọlẹ̀, ọ̀pá ńlá yóò ti okùn irin náà, okùn irin yóò ti apá, apá yóò sì ṣí ọ̀nà fún òróró. Bí ọkọ̀ bá ti dé ipò rẹ̀, apá yóò padà, ọ̀nà yóò tì. Kò mọ orúkọ rẹ̀. Amòye ló sọ ọ́.

Ó tú okùn irin náà kúrò lára apá, ó ní kí tọkọtaya wọlé jókòó, kí wọ́n sì jẹ́ kí ẹ́ńjìnì máa ṣiṣẹ́. Ó wá fi ìka méjì gbé apá kékeré náà. Kò sí ohun tó ṣẹlẹ̀. Ó kà á dé ẹ̀fà. Ní ẹ̀fà, ọkọ̀ náà gbéra lókè orí rẹ̀, pẹ̀lú irin rẹ̀, pẹ̀lú gíláàsì rẹ̀, pẹ̀lú ènìyàn méjì tó ń mí nínú rẹ̀. Ó fi ìka kan náà tẹ apá yìí sílẹ̀. Ó dúró. Ọkọ̀ náà bẹ̀rẹ̀ sí í rọlẹ̀ bọ̀, jẹ́jẹ́, bí ẹní gbọ́ ohun tí a bá a sọ.

Lérè fi ọwọ́ náà lé àyà. Ó ti gbé ẹ́ńjìnì akẹ́rù pẹ̀lú agbára ọkùnrin mẹ́fà àti okùn rí, ó sì mọ bí irin ti ń wúwo. Rose pè é láti òkè pé, "Ọ̀gá Lérè, ṣé kò sí?" Ó ní kò sí.

Ohun tó tún dá a dúró níbẹ̀ ni ìdúró ẹ̀fà yẹn. Kí ló dé tí kò fi dáhùn kíákíá? Ó dùbúlẹ̀, ó ń rò ó, ó sì yé e lójijì. Bó bá ń dáhùn kíákíá, gbogbo ihò tí táyà bá bọ́ sí ni amòye yóò máa sáré tọ̀, ọkọ̀ yóò sì máa fò sókè sódò bí ọ̀pọ̀lọ́. Ó ní láti mọ ìyàtọ̀ láàárín ihò àti ẹrù. Ihò a kọjá lọ, ẹrù a dúró. Nítorí náà ó ń ní sùúrù. Ẹni tó ṣe nǹkan yìí kò dé Àyèká rí, ó sì ti ro ọ̀nà Àyèká mọ́ ọn.

Nígbà tó dé abẹ́ ẹ̀yìn, ó bá amòye kejì. Rọ́bà tó bo ọrùn rẹ̀ ti ya, erùpẹ̀ pupa ti wọlé, ó ti gbẹ, ó ti dì. Lérè tú okùn irin, ó di apá náà mú. Kò mira. Ó da kẹrosíìnì sí i, ó fi í sílẹ̀ títí di ọ̀sán, ó tún gbìyànjú. Ó gan bí egungun.

"Èyí ti kú," ó sọ fún Adébọ̀wálé. "Ojú ọ̀nà tí òróró ń gbà wọlé ló kú sí. Ìyẹn ni kò fi lè tì í. Ẹ kọ̀wé sí Kutọnu kí wọ́n fi irú rẹ̀ ránṣẹ́." Ó ya àwòrán rẹ̀ sẹ́yìn bébà kàlẹ́ńdà fún un.

Lẹ́tà lọ. Àjíǹde dé, ó kọjá, Dora wà ní Akotogbo, Aníwúrà sì wà ní Àyèká. Ìyá kò ráhùn. Bí Lérè bá ń kọjá lọ, ohun kan ṣoṣo tó máa ń béèrè ni, "Amòye ti dé?" Lérè yóò ní, "Ó wà lọ́nà, Màmá." Ó di ọ̀sẹ̀ kẹfà kí awakọ̀ kan tó gbé páálí kékeré kan sọ̀ kalẹ̀, amòye tuntun nínú rẹ̀, ó ń dán, pẹ̀lú bébà ńlá kan tí wọ́n ya àwòrán sí, tí wọ́n sì kọ Faransé kún.

Adébọ̀wálé ń sọ Faransé bí omi, àmọ́ kò lè kà á. Rose ló lọ sílé ìwé. Ó jókòó sórí àpótí lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọkọ̀, ó tẹ́ bébà náà sórí itan.

"Ìyàwó wa, ẹ máa sinmi," Lérè ní. "Bí mo bá fẹ́ kí ẹ kà á, màá pè yín." Ó ti mọ ibi tí amòye wà, ó mọ nọ́ọ̀tì tó dè é. Wọ́n ti ṣáná sí ọkọ̀ láàárọ̀ kí ìdí rẹ̀ lè ga, wọ́n sì ti pa á. Ó ga, ó gan bí òkúta. Bóyá nítorí gígan yìí ni, bóyá ìkánjú ni, Lérè kò to igi kankan. Ó wọ abẹ́ rẹ̀, ó fi sípánà kọ́ nọ́ọ̀tì ọ̀pá òróró.

"Ọ̀gá Lérè, ẹ dúró," Rose ní.

"Kí ló dé?"

"Ẹ jọ̀ọ́, ẹ kọ́kọ́ jáde. Ohun tí wọ́n fi lẹ́tà gàdàgbà kọ sókè bébà nìyí." Ohùn rẹ̀ kò ga, àmọ́ ó ti dìde dúró.

Lérè jáde, ojú rẹ̀ le díẹ̀. Rose fi ìka tọ ìlà náà, ó ń tú u sí Yorùbá Àjàṣẹ́ rẹ̀: "Kí ó tó kan ọ̀pá òróró kankan, kí ó gbé ọkọ̀ lé ohun tó lágbára. Kí ó tẹ irin ìgbérasókè sílẹ̀ pátápátá. Kí ó wá tú ìdè kékeré tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ pọ́ǹpù ní ẹ̀ẹ̀kan péré, kí agbára òróró lè jáde. Bí bẹ́ẹ̀ kọ́, ọkọ̀ á já lulẹ̀ lójijì."

Lérè wo ọkọ̀. Ó wo àyè tó ti dùbúlẹ̀ sí, tí àmì ẹ̀yìn rẹ̀ wà nínú iyanrìn. Ó lọ kó ìtì igi mẹ́rin wá, ó tò wọ́n sábẹ́ ìdí ọkọ̀ àti sábẹ́ iwájú, ó fi ẹsẹ̀ tì wọ́n wò. Ó tẹ irin kékeré ẹ̀gbẹ́ ẹsẹ̀ awakọ̀ sílẹ̀, ó ṣí bọ́nẹ́ẹ̀tì, ó rí ìdè náà, ó sì tú u ní ẹ̀ẹ̀kan.

Ọkọ̀ náà mí kanlẹ̀. Ìdí tí kò gbọ́ ọ̀rọ̀ ẹnikẹ́ni láti Lẹ́ńtì wá já wálẹ̀, ó bà lé igi, igi náà sì ké. Nígbà tí Lérè bẹ̀rẹ̀ wò ó, irin ti wọ inú ìtì náà jìn tó ìka kan.

Ó jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀. Aníwúrà, láti ọ̀dẹ̀dẹ̀, bẹ̀rẹ̀ sí í dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run ní ohùn jẹ́jẹ́. Lérè wo Rose, ó ní, "Ẹ ṣeun, Ìyàwó. Ẹ wá máa kà á láti ìbẹ̀rẹ̀. Ẹ má fo ẹyọ ọ̀rọ̀ kan."

Báyìí ni wọ́n ṣe é. Rose ń kà, kò mọ ohun tó ń kà. Lérè ń gbọ́, kò lè kà á, àmọ́ bí ọ̀rọ̀ bá ti bọ́ lẹ́nu Rose ni ọwọ́ rẹ̀ ń rí ibi tó ń lọ. Ìgbà mìíràn wà tí Rose yóò ní, "Ọ̀rọ̀ yìí ò yé mi, ó ní apá náà gbọ́dọ̀ wà ní òmìnira," Lérè yóò sì ní, "Ó yé èmi." Ó tú amòye tó kú, ó fi aṣọ mímọ́ dí ẹnu ọ̀pá òróró kí eruku má wọ̀ ọ́, ó fọ ojú ibẹ̀, ó gbé tuntun sí i, ó sì wọ rọ́bà sí i lọ́rùn dáadáa. Ó tún yọ rọ́bà ti iwájú wò bóyá òun náà ti ń ya.

Ibi tí wọ́n ti fẹ́ wọn gíga ẹ̀yìn ni ọ̀rọ̀ ti dojú rú. Ìwọ̀n Faransé ni bébà náà sọ, ínǹṣì sì ni rúlà Lérè. Rose wọ yàrá lọ, ó mú téèpù tó fi ń ránṣọ jáde, èyí tó rà ní Àjàṣẹ́. Lérè fún ìdè ẹ̀gbẹ́ pọ́ǹpù padà, ó dá irin ẹ̀gbẹ́ awakọ̀ padà sí ipò rẹ̀, wọ́n ṣáná sí ọkọ̀, wọ́n sì yọ ìtì igi kúrò. Lérè fi ọwọ́ gbé ìdí rẹ̀ sókè lẹ́ẹ̀mẹta, ó ń fi í sílẹ̀, bí bébà ti wí. Wọ́n wọ̀n ọ́n, ó ga jù. Ó tú okùn irin, ó sún un díẹ̀. Wọ́n tún wọ̀n ọ́n, ó rẹlẹ̀ jù. Lẹ́ẹ̀kẹta, Lérè sún un bí ẹní sún abẹ́rẹ́. Wọ́n gbé àpò gàrí méjì sínú búùtù. Ẹ̀yìn tẹ̀ sílẹ̀. Lérè ń kà á sínú. Ní ẹ̀fà, ó gbéra, ó gbé gàrí náà dání, ó sì dúró sí ibi tí Rose fi àtàǹpàkò mú lára téèpù.

"Ó mọ̀ ọ́n," Rose ní. Ó sọ ọ́ bí ẹni tó wà nínú ṣọ́ọ̀ṣì.

Ọjọ́ Sátidé tó tẹ̀ lé e ni wọ́n lọ sí Akotogbo. Adébọ̀wálé ní kí Lérè bá àwọn lọ, kó máa ṣọ́ ẹ̀yìn. Wọ́n kó púpurú tí wọ́n fi ẹ̀gẹ́ ṣe àti ẹja gbígbẹ sínú búùtù. Ọkọ̀ náà kúnlẹ̀, Aníwúrà wọlé, ó fi ọ̀pá rẹ̀ dábùú ẹsẹ̀. Lérè jókòó tì í lẹ́yìn, ó ń retí ihò. Ihò pọ̀ lọ́nà náà. Ó mọ̀ wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan, torí gbogbo wọn ló ti fún un níṣẹ́ ṣe rí. Táyà ń bọ́ sínú wọn, ó ń gbọ́ dídún rẹ̀, àmọ́ ibi tí òun jókòó sí kò gbọ̀n. Ó dà bí ẹni tó wà nínú ọkọ̀ ojú omi. Aníwúrà ti sùn lọ kí wọ́n tó dé ìdajì ọ̀nà.

Ilé Dora wà lẹ́yìn ibi tí wọ́n ti ń fún epo. Obìnrin tó gbẹ ni, ojú rẹ̀ kò ríran dáadáa mọ́, ó sì ti dúró sẹ́nu ọ̀nà nígbà tí ọkọ̀ náà dé, torí wọ́n ti ránṣẹ́ sí i. Ọkọ̀ rọlẹ̀. Kí Aníwúrà tó na ẹsẹ̀ síta, Dora ti dé ẹnu ilẹ̀kùn, ó na ọwọ́ wọlé, ó ń wá ojú ẹ̀gbọ́n rẹ̀. Ó rí i. Ó gbá a mú. Aníwúrà náà dì mọ́ ọn. Adébọ̀wálé yí ojú sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan.

Nígbà tó yá, Dora ní, "O ti rù."

"Ìwọ náà ti rù."

"Sún síwájú."

Dora bẹ̀rẹ̀, ó gbé ìdì aṣọ kan láti ẹsẹ̀ ògiri, tí ó ti dì sílẹ̀ láti àárọ̀ láìsọ fún ẹnikẹ́ni, ó gbé e lé itan ẹ̀gbọ́n rẹ̀, ó sì jókòó tì í nínú ọkọ̀.

"Màmá, a ò tíì jẹun," Adébọ̀wálé ní. "A ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ni."

"Ẹ máa lọ jẹ, oúnjẹ wà nílé," Dora dáhùn. "Àyèká lèmi ń lọ. Ibi tí mo jókòó sí yìí ni ẹ óò ti bá mi."

Aníwúrà rẹ́rìn-ín, ó fi ọwọ́ bo ẹnu. Wọ́n fi àwọn méjèèjì sílẹ̀ níbẹ̀, wọ́n wọlé lọ jẹun. Nígbà tí wọ́n jáde, ìyá méjèèjì ṣì ń sọ̀rọ̀, orí wọn fẹ́rẹ̀ẹ́ kan ara wọn, wọ́n ń dárúkọ àwọn tó ti kú àti àwọn tó ti bímọ.

Adébọ̀wálé ṣáná. Lérè kò tíì wọlé. Ó dúró lẹ́yìn ọkọ̀ láti wò ó. Ìyá méjì, ìdì aṣọ, kèǹgbè epo tí Dora ní kí wọ́n gbé sí búùtù. Ọkọ̀ náà wúwo, ó sì mọ̀ pé òun wúwo. Ìdí rẹ̀ gbéra, orí rẹ̀ tẹ̀ lé e, ó tẹ́ pẹrẹsẹ. Lérè ṣí ilẹ̀kùn, ó wọlé jókòó ní igun. Títí tí wọ́n fi padà dé Àyèká, kò sọ ju "ẹ rọra" lọ. Adébọ̀wálé bi í nígbà tó sọ̀ kalẹ̀ bóyá ara rẹ̀ kò yá.

"Ara mi yá, ẹ̀gbọ́n," ó ní. Ó fi ọwọ́ pa ìdí ọkọ̀ náà lẹ́ẹ̀kan, ó dágbére fún wọn, ó sì ń rọra rìn lọ sílé.